Omi Nìkan Ni Òṣèré

Nínú H2O, fíìmù tí Ralph Steiner, ayafọ́tò ará Amẹ́ríkà, ṣe ní 1929, omi nìkan ni òṣèré. Kò sí ohùn, kò sí ìtàn, kò sí àwọ̀ kankan yàtọ̀ sí dúdú àti funfun, eré náà kò sì tó ìṣẹ́jú 15. Síbẹ̀, ní 2005, Library of Congress fi í kún àwọn fíìmù tí Amẹ́ríkà gbọ́dọ̀ tọ́jú.

Omi tí gbogbo ayé mọ̀ ló fi bẹ̀rẹ̀: èyí tó ń tú jáde lẹ́nu ẹ̀rọ, òjò tó ń kán, omi tó ń já wálẹ̀ láti òkè. Ká má parọ́, orí mi kì í fi bẹ́ẹ̀ yá sí apá yìí. Ṣùgbọ́n ẹ máa wò ó lọ. Díẹ̀díẹ̀ ni kámẹ́rà ń sún mọ́ omi, tí bèbè odò ń yọ́ kúrò, tí ojú ọ̀run náà sì ń tẹ̀ lé e. Kó tó parí, kò sí ohun tí èèyàn lè fi mọ̀ bóyá odò ńlá ni tàbí kòtò ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà.

Lẹ́ńsì gígùn, tó ń fa ohun ọ̀ọ́kán mọ́ni, ni Steiner lò. Bí atẹ́gùn bá ti fẹ́ lu omi, ojú rẹ̀ a ga síhìn-ín, a rẹlẹ̀ sọ́hùn-ún. Apá tó kọjú sí ọ̀run a funfun láúláú, èyí tó kọjú sí bèbè a dúdú. Ohun tó dúró ṣánṣán létí odò, òjìji rẹ̀ a wọ́, a já sí wẹ́wẹ́, a tún so pọ̀. Nígbà tó bá yá, ìlà dúdú nìkan ló kù, tó ń lọ́ kiri bí èyí tí aládìrẹ ń fi ìyẹ́ adìyẹ fà sára aṣọ, àfi pé tinú omi kì í dúró gbẹ.

Ní 1929 kan náà ni Joris Ivens àti Mannus Franken, àwọn aṣefíìmù ará Netherlands, gbé Regen jáde, nípa òjò ní Amsterdam. Fíìmù tó dára ni, ṣùgbọ́n ara ìlú la ti ń rí òjò níbẹ̀: agboorùn ń ṣí, ẹsẹ̀ ń yára. Steiner kò wá ẹni tí òjò yóò pa.

Mo tún fẹ́ràn bó ṣe ń gé àwòrán. Ó ń fi ọ̀kọ̀ọ̀kan sílẹ̀ títí ojú yóò fi jáwọ́ nínú bíbéèrè pé kí nìyí, tí yóò bẹ̀rẹ̀ sí í bá ìrìn omi lọ. Ìgbà yẹn ló ń gbé òmíràn wá, tí ìrìn tirẹ̀ yàtọ̀.