Ojú ni Pola Negri fi ń Sọ̀rọ̀

Ní ọdún 1917, tí Warsaw ṣì wà lábẹ́ àwọn ọmọ ogun Jámánì, olùdarí fíìmù Aleksander Hertz ń gbé fíìmù àdììtú jáde léraléra láti ilé-iṣẹ́ Sfinks. Tajemnica Alei Ujazdowskich, ìyẹn Àṣírí Òpópónà Ujazdów, wà lára wọn. Pokój nr 13, Yàrá Kẹtàlá, náà wà níbẹ̀. Òpópónà tí ilé àwọn ọlọ́lá tò sí ni Ujazdów, gbogbo Warsaw ló mọ̀ ọ́n. Ẹni tó gba ibẹ̀ kọjá láàárọ̀ yóò fẹ́ sanwó lálẹ́ láti wo ohun tí wọ́n ń ṣe lẹ́yìn ògiri àwọn ilé yẹn.

Àṣírí kò rọrùn láti pa mọ́ nínú fíìmù tí kò ní ohùn. Bí ohùn bá wà, ilẹ̀kùn lè dún nínú òkùnkùn, ẹlẹ́ṣẹ̀ lè máa purọ́ kí ohùn rẹ̀ máa gbọ̀n. Hertz kò rí èyí lò. Wọ́n ń fi ọ̀rọ̀ tí wọ́n tẹ̀ sórí pátákó sáàárín àwòrán lóòótọ́, ṣùgbọ́n bí ìyẹn bá pọ̀ jù, eré ti di ìwé kíkà. Ojú òṣèré, ọwọ́ rẹ̀, àti ibi tí wọ́n ti gé àwòrán ló kù.

Pola Negri, òṣèrébìnrin Hertz, ló sì ní ojú náà. Ijó balẹ́ẹ̀tì ló kọ́kọ́ kọ́ kí ikọ́ ife tó dá a dúró, ara rẹ̀ sì ti mọ bí a ṣe ń sọ̀rọ̀ láìlanu. Nínú gbogbo fíìmù tó ṣe ní Pólándì, Bestia ti 1917 nìkan ló ṣẹ́ kù. Kì í ṣe àdììtú gan-an, àmọ́ ọgbọ́n kan náà ni wọ́n fi ṣe é. Ọmọbìnrin kan sá nílé tẹ̀ lé ọ̀dọ́kùnrin kan. Nígbà tí ọtí pa ọkùnrin náà, ọmọbìnrin náà kó owó rẹ̀ lọ, ó sì di oníjó ní ìgboro. Láti ìgbà náà, òǹwòran ti mọ ohun tí olólùfẹ́ rẹ̀ tuntun kò mọ̀. Bó ti wù kó máa rẹ́rìn-ín tó, ọkàn ẹni tó ń wò ó kò balẹ̀, nítorí ọkùnrin tí wọ́n kó owó rẹ̀ lọ ń bọ̀. Ó dé lóòótọ́, ó sì pa á.

Fíìmù ayé ìgbà náà máa ń tètè gbiná. Òkìkí tí Negri wá ní ní Jámánì lẹ́yìn náà ló yọ Bestia nínú ìparun: ní 1921, wọ́n gbé e lọ sí Amẹ́ríkà, wọ́n sọ ọ́ ní The Polish Dancer. Wọ́n yọ pátákó èdè Pólándì, wọ́n fi ti Gẹ̀ẹ́sì rọ́pò rẹ̀, ó parí. Kò sí ètè tí wọ́n ní láti bá ohùn mu. Àìlóhùn tó ni Hertz lára náà ló la ọ̀nà òkè òkun fún iṣẹ́ rẹ̀.

Ẹni tó bá ń kọ́ṣẹ́ fíìmù, kó wá Bestia wò, kó pa orin tí wọ́n fi sí i lẹ́yìn, kó sì máa wo ọwọ́ Negri.