ÀWỌN TÍ Ń KÓRÈ ÀKÓKÒ
Àyẹ̀wò ìwé Momo

Ẹni tí ó bá jí iṣu wà nínú oko, a lè tọ ipasẹ̀ rẹ̀ dé ilé, kí a sì bá èèpo iṣu ní ẹ̀yìnkùlé rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó jí àkókò ẹlòmíràn, ipasẹ̀ wo ni a ó tọ̀? Lórí irú olè bẹ́ẹ̀ ni Michael Ende, ọmọ ilẹ̀ Jámánì, kọ ìtàn tí ó pè ní Momo, èyí tí a tẹ̀ jáde ní ọdún 1973, tí ó sì gba ẹ̀bùn ìwé àwọn ọmọdé ti ilẹ̀ náà ní 1974. Àwa ti kà á tán ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, a sì fẹ́ kí àwọn olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ wa mọ ohun tí ó dára nínú rẹ̀ àti ibi tí ó kù sí.

Ọmọdébìnrin aláìníyàá-aláìníbaba ni Momo, inú àwókù ilé ìwòran àtijọ́ kan ní ẹ̀yìn ìlú ńlá ni ó ń gbé. Kò ní owó, kò sì ní aṣọ rere, ṣùgbọ́n ó mọ bí a ti ń tẹ́tí sílẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ẹni tí ọ̀rọ̀ rú lójú, bí ó bá ti rò ó fún un tán, yóò rí ojútùú rẹ̀ fúnra rẹ̀. Nígbà tí ó yá, àwọn ọkùnrin aláṣọ aláwọ̀ eérú wọ ìlú náà, wọ́n ní òṣìṣẹ́ ilé ìfi-àkókò-pamọ́ ni àwọn. Ọ̀kan nínú wọn tọ Fusi onígbàjámọ̀ lọ, ó ṣírò iye ìṣẹ́jú-àáyá tí ó wà nínú àádọ́rin ọdún, èyí tí í ṣe 2,207,520,000, ó sì ń yọ oorun kúrò nínú rẹ̀, ó yọ oúnjẹ, ó yọ wákàtí tí ó fi ń bá ìyá rẹ̀ arúgbó sọ̀rọ̀, títí kò fi ku nǹkan kan. Ẹ̀rù ba Fusi. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í kánjú gé irun àwọn ènìyàn, ó sì mú ìyá rẹ̀ lọ sí ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó. Kò mọ̀ pé àkókò tí òun ń fi pamọ́ ni àwọn aláṣọ eérú ń ká bí òdòdó, tí wọ́n ń sá gbẹ, tí wọ́n sì ń fà bí sìgá, kí àwọn tìkára wọn má baà pòórá.

Agbára ìwé náà wà nínú ìṣirò yìí. Kò sí ẹyọ nọ́ńbà kan tí ó ṣì níbẹ̀. Èrò tí ó wà ní ìdí rẹ̀ ni ó wọ́. Àwa tí a ń kọ́ ọmọ ní ìṣirò yóò ṣe dáradára bí a bá fi èyí hàn wọ́n, pé ènìyàn lè ṣe àròpọ̀ tí ó pé, kí ó sì fi tan ẹnìkejì rẹ̀ jẹ. Ọ̀rọ̀ Beppo agbálẹ̀ ìgboro pẹ̀lú dùn mọ́ wa. Ó ní òun kì í wo gbogbo títì lẹ́ẹ̀kan, bí kò ṣe ibi tí ìgbálẹ̀ òun yóò kàn lẹ́yìn èyí. Gbogbo àgbẹ̀ Ìloro tí ó ti kọ ebè rí ni yóò mi orí sí i.

Ṣùgbọ́n a rí àbùkù méjì nínú ìwé náà. Èkíní ni pé, nínú rẹ̀, gbogbo ẹni tí ń ka àkókò tí ó sì ń fi í yáni, olè ni. Ní agbègbè tiwa, láti Ìloro dé Ìjerò, Àrámọkọ àti Ẹ̀fọ̀n, kí aago tó dé ni àwọn baba wa ti ń yá ara wọn ní ọjọ́ nípa àáró. Bí ọ̀dọ́mọkùnrin márùn-ún bá bẹ́ àáró, oko ẹnìkíní ni wọn yóò ro lónìí, oko ẹnìkejì ni yóò tẹ̀ lé e, títí yóò fi kárí. Ẹni tí ó bá sì jẹ ọjọ́ kan, ọjọ́ kan ni yóò san. Ìṣirò kọ́ nìyẹn bí? Ohun tí ó yà á sọ́tọ̀ kúrò lára ti aláṣọ eérú ni pé gbogbo wọn ni ó mọ ìṣirò náà, olúkúlùkù rí ojú ẹni tí ó yá ní ọjọ́ rẹ̀, ohun tí ó sì jáde lọ a máa padà wálé. Bí Ende bá ti fi irú èyí kún ìtàn rẹ̀, òǹkàwé kì bá rò pé kíkà ni ẹ̀ṣẹ̀.

Èkejì ni pé àwọn olè inú ìwé náà jẹ́ àjèjì pátápátá, wọ́n sì pòórá bí èéfín ní ìgbẹ̀yìn. Ní ilẹ̀ wa, ẹni tí a mọ̀ tí a sì ń bọ̀wọ̀ fún ni ó sábà máa ń gba àkókò wa, iṣẹ́ rere ni ó sì fi ń gbà á. Ní ayé ìjọba ológun Ọ̀gágun Muhammadu Buhari, láàrin ọdún 1984 sí 1985, ni a fi ìmọ́tótó àyíká oṣooṣù lélẹ̀. Ní Èkó, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ rìn ní ìgboro láti aago méje sí aago mẹ́wàá òwúrọ̀ ní Sátidé tí ó gbẹ̀yìn oṣù. Wákàtí 36 ni èyí jẹ́ lọ́dún fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Ìmọ́tótó dára, àìsàn ń bẹ nínú ẹ̀gbin. Síbẹ̀ ní ọdún 2015, Ilé-ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀ ní Èkó dájọ́ pé kò sí òfin tí ó fún ìjọba ní àṣẹ láti sé àwọn ènìyàn mọ́lé bẹ́ẹ̀, nígbà tí ó sì di 2016, ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó mú un kúrò. Ìwé tí yóò kọ́ wa bí a ti ń bèèrè òfin lọ́wọ́ ẹni rere tí ń gba àkókò wa, Momo kì í ṣe ìwé náà.

Kí a má baà dà bí ẹni tí ń fi ìka han ẹlòmíràn nìkan, a ó jẹ́wọ́ tiwa. Ní ilé-ẹ̀kọ́ kan tí a ti ṣiṣẹ́ rí, àwọn ọmọ a máa lọ ro oko olùkọ́ ní ọ̀sán Ọjọ́rú, a sì ń pe èyí ní ẹ̀kọ́ iṣẹ́-ọwọ́. Ní ọjọ́ kan, ọmọdékùnrin kan gbé ọkọ́ rẹ̀ sílẹ̀, ó sì bi wá pé, “Tíṣà, ọjọ́ wo ni ẹ ó wá bá bàbá mi ro oko tiwọn?” Àfojúdi ni a kà á sí, a sì nà án. Ó ti pẹ́ gan-an, ṣùgbọ́n bí a ti ka ọ̀rọ̀ Fusi ni ọmọ náà padà sí wa lọ́kàn. Kò fojú di wá. Àáró ni ó rò pé a bẹ́, ọjọ́ tirẹ̀ ni ó sì ń bèèrè.

Nítorí náà, ẹ̀yin olùkọ́, bí ẹ bá rí ìwé náà, ẹ kà á sókè sí etígbọ̀ọ́ àwọn ọmọ, ẹ má sì fo ibi tí aláṣọ eérú ti ń ṣírò. Lẹ́yìn náà, kí ẹ tó tún rán ẹnikẹ́ni nínú wọn lọ sí oko yín, ẹ sọ ọjọ́ tí ẹ ó san án padà fún un.