Ọwọ́ Tó Ń Ká Ìda ní Igun

Ẹni tó bá ti Oregbeni sọdá odò Ikpoba wọ àárín ìlú Benin, tó sì yà láti Sakponba Road sí Igun Street, yóò bá iṣẹ́ tí mo fẹ́ yìn níbẹ̀. Alágbẹ̀dẹ idẹ á kọ́kọ́ fi amọ̀ mọ inú ère, á fi ìda bò ó. Lẹ́yìn náà ni yóò máa yí ìda lórí pákó títí yóò fi di okùn tẹ́ẹ́rẹ́, tí yóò wá ká a, tí yóò lọ́ ọ, tí yóò lẹ̀ ẹ́ mọ́ra: ọnà irun nìyẹn, ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn nìyẹn. Gbogbo kíká náà gbọ́dọ̀ pé kí iná tó dé. Wọn á fi amọ̀ bo gbogbo rẹ̀, ooru á yọ́ ìda dànù, idẹ gbígbóná á gba ipò rẹ̀, wọn á sì fọ́ amọ̀. Nítorí náà, ère méjì kì í jọra délẹ̀délẹ̀. Ìyẹn ló wù mí jù.

Ìtàn Benin sọ pé láti Ifẹ̀ ni alágbẹ̀dẹ idẹ kan tó ń jẹ́ Igueghae ti mú iṣẹ́ yìí wá láyé Ọba Oguola. Ṣùgbọ́n kì í ṣe Benin àti Ifẹ̀ nìkan ni wọ́n ti mọ iṣẹ́ idẹ; ẹ jẹ́ ká wo ìlú Igbo-Ukwu ní ilẹ̀ Igbo pẹ̀lú: ní nǹkan bí ọ̀rúndún kẹsàn-án, wọ́n ti fi idẹ rọ ìkarawun ńlá tó lọ́ yípo dé ṣóńṣó níbẹ̀, ẹranko kan dúró lórí rẹ̀, ọnà wínníwínní sì bo gbogbo ara rẹ̀. Mi ò tíì rí àwòrán rẹ̀ kí n má dúró wò ó.