Ọdẹ Òkè Bọ́lá

Bí wọ́n bá ní “ọdẹ ń bọ̀” ní Òkè Bọ́lá n'Ìbàdàn lónìí, olè ló ń ṣọ́, kì í ṣe ẹran. Inú “dẹ” ni orúkọ rẹ̀ ti wá, dẹ tá a ń lò fún dẹ ìgbẹ́ àti dẹ pańpẹ́: kéèyàn lúgọ, kó ní sùúrù. Sùúrù náà ni mo kan sáárá sí. Tọ́ọ̀ṣì wà lórí, ṣakabùlà wà léjìká, fèrè wà lẹ́nu, síbẹ̀ kò jẹ́ fọn ọ́n àfi tó bá gbọ́ ìrìn tí kò yé e. (Èyí tó bá ń sùn, ìyẹn kì í ṣọdẹ lójú tèmi.) Wọ́n ṣí ikọ̀ ààbò Àmọ̀tẹ́kùn n'Ìbàdàn ní ọjọ́ 9 oṣù kìn-ín-ní 2020, àwọn ọdẹ ìbílẹ̀ sì wà lára àwọn tí wọ́n gbà sí i. Torí náà, ẹ̀yin ará àdúgbò, ẹ tètè san owó ọdẹ.