Onígun Mẹ́rin Dúdú: Ohun tí Malevich Kò Lè Lé Kúrò Nínú Àwòrán Rẹ̀

Ní oṣù Kejìlá ọdún 1915, nígbà tí ogun àgbáyé kìíní ń jà lọ́wọ́, àwọn ayàwòrán kan pàtẹ iṣẹ́ wọn ní ìlú Petrograd ní Rọ́ṣíà. 0.10 ni wọ́n pe ìpàtẹ náà. Kazimir Malevich gbé iṣẹ́ tó lé ní ọgbọ̀n wá síbẹ̀. Ọ̀kan nínú wọn jẹ́ kánfáàsì tí ìbú àti òró rẹ̀ kò pé mítà kan, sẹ̀ǹtímítà 79.5 lọ́nà méjèèjì. Ó kun àárín rẹ̀ ní dúdú, ó sì fi funfun yí i ká; òun ni a wá mọ̀ sí Onígun Mẹ́rin Dúdú. Kò sí ènìyàn níbẹ̀, kò sí igi, kò sí ilé. Síbẹ̀, ibi tó gbé e kọ́ ló yẹ ká kọ́kọ́ wò. Igun òkè yàrá ni, níbi tí ògiri méjì ti pàdé lábẹ́ àjà. Nínú ilé àwọn ọmọ ìjọ Ọ́tódọ́ọ̀sì ní Rọ́ṣíà, igun yìí ni wọ́n máa ń gbé àwòrán mímọ́ Jésù àti ti Màríà sí. Alexandre Benois, àgbà alámèyítọ́ ìgbà náà, rí i lójú ẹsẹ̀. Ó kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn pé ohun tí àwọn ọ̀dọ́ wọ̀nyí fẹ́ fi rọ́pò Màríà ni wọ́n gbé síbẹ̀ yẹn. Inú ló fi bí i tó fi kọ ọ́, àmọ́ kò ṣì í kà.

Ìtàn tí a sábà ń gbọ́ nípa àwòrán afòyemọ̀ kì í mẹ́nu ba igun yàrá. Ohun tí wọ́n máa ń sọ ni pé àtayébáyé ni àwọn ará Yúróòpù ti ń ya ohun tó jọ ohun; pé kámẹ́rà dé ní 1839, ó gba iṣẹ́ jíjọra lọ́wọ́ wọn; pé Picasso àti Braque wá fọ́ nǹkan sí wẹ́wẹ́; pé nígbà tó yá, àwọn kan da gbogbo rẹ̀ nù, ó wá ku àwọ̀ àti ìlà. Ìtàn náà kì í ṣe irọ́. Àbùkù rẹ̀ ni pé ó sọ àwòrán afòyemọ̀ di ohun tó ṣẹ́kù lẹ́yìn tí a ti yọ ayé kúrò níbẹ̀. Malevich fúnra rẹ̀ gbà bẹ́ẹ̀. Ó ní òun ti sọ ẹrù àwọn nǹkan kalẹ̀ lórí iṣẹ́ ọnà. Èmi kò rí i bẹ́ẹ̀. Ayé tí wọ́n ní àwọn lé lọ ṣì wà lára iṣẹ́ náà: níbi tí wọ́n gbé e kọ́, nínú ẹ̀fẹ̀ tó wà ní etí rẹ̀, nínú àpò ẹni tó sanwó rẹ̀. Ibẹ̀ ni ìtumọ̀ rẹ̀ sì wà.

Àríyànjiyàn lórí ẹni tó kọ́kọ́ ya àwòrán afòyemọ̀ ti gba àkókò ju bó ṣe yẹ lọ. Wassily Kandinsky, ará Moscow tó kọ́ ìmọ̀ òfin, tó sì kọ iṣẹ́ yunifásítì sílẹ̀ ní 1896 láti lọ kọ́ àwòrán ní Munich, fi 1910 sára àwòrán aláìjọ-nǹkan kan. Ọ̀pọ̀ onímọ̀ gbà pé 1913 ló yà á. Malevich náà máa ń sọ pé láti 1913 ni òun ti ní Onígun Mẹ́rin. Ipò àkọ́bí ni àwọn méjèèjì ń dù. Ẹni tó ṣáájú wọn kò bá ẹnikẹ́ni du ohunkóhun. Ní Swídìn, Hilma af Klint bẹ̀rẹ̀ tirẹ̀ ní 1906. Ní 1907 ó ya àwòrán ńlá mẹ́wàá tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ga ju mítà mẹ́ta lọ. Ó gbà pé àwọn ẹ̀mí ló ń darí ọwọ́ òun. Ó sì pàṣẹ pé kí wọ́n má ṣe fi iṣẹ́ náà han aráyé títí ogún ọdún yóò fi kọjá lẹ́yìn ikú òun. Ó kú ní 1944. Ọdún 1986 ni wọ́n tó fi díẹ̀ nínú rẹ̀ han gbogbo ènìyàn ní Los Angeles, nígbà tó sì dé mùsíọ́ọ̀mù Guggenheim ní New York ní 2018, àwọn tó lọ wò ó lé ní 600,000.

Bí a bá fi ipò àkọ́bí sílẹ̀, ohun tó so wọ́n pọ̀ ni ìgbàgbọ́. Ìwé tí Kandinsky gbé jáde ní òpin 1911 dá lórí ohun ẹ̀mí nínú iṣẹ́ ọnà (lójú mi, ìwé náà dára ju ọ̀pọ̀ nínú àwọn àwòrán tó tẹ̀ lé e lọ). Piet Mondrian ará Netherlands wọ ẹgbẹ́ Theosophy ní 1909, ẹgbẹ́ tó ń wá òtítọ́ kan ṣoṣo lẹ́yìn gbogbo ẹ̀sìn. Kò sí ẹnì kan nínú wọn tó sọ pé iṣẹ́ òun kò ní ọ̀rọ̀ nínú. Àwọn tó tẹ̀ lé wọn ló dá ìyẹn sílẹ̀.

Ti Mondrian tiẹ̀ ní apá tó ń pani lẹ́rìn-ín. Ní 2022, wọ́n kéde ní mùsíọ́ọ̀mù kan ní Düsseldorf pé New York City I, iṣẹ́ tó fi téèpù aláwọ̀ ṣe ní 1941, ti wà ní ìdoríkodò lára ògiri láti ọ̀pọ̀ ọdún wá. Wọ́n ní àwọn kò ní yí i padà, kí téèpù tó ti gbó má baà já. Àwọn ẹlẹ́gàn yọ̀: ẹ wò ó, àwọn fúnra wọn kò mọ orí yàtọ̀ sí ìdí! Ṣùgbọ́n báwo ni wọ́n ṣe mọ̀ pé ó doríkodò? Fọ́tò àtijọ́ kan láti yàrá iṣẹ́ Mondrian wà lára ẹ̀rí wọn. Èkejì wà lára iṣẹ́ náà: ibì kan wà tí àwọn ìlà ti fún mọ́ra, bí ojú ọ̀run tó ṣú, òkè ló sì yẹ kí ibẹ̀ wà. Ọkùnrin tó ní òun kò ya igi tàbí òkun mọ́ ṣì mọ òkè yàtọ̀ sí ilẹ̀. Ẹni tó bá mọ ìyẹn kò tíì kúrò láyé.

Ọ̀rọ̀ jíjọra yìí kàn wá gidi. Ní 1910, ọdún kan náà tí Kandinsky fi sára àwòrán rẹ̀, Leo Frobenius ará Jámánì wà ní Ilé-Ifẹ̀. Ó rí orí tí ojú, imú àti ètè wọn rí bíi ti ènìyàn gan-an, kò sì gbà pé ọwọ́ adúláwọ̀ lè ṣe irú rẹ̀. Ó ní àwọn ará Atlantis ló ni wọ́n. Lásìkò kan náà, ère àti agọ̀ Áfíríkà tí kò jọ ènìyàn kún àwọn mùsíọ́ọ̀mù Yúróòpù, wọ́n ń pè wọ́n ní iṣẹ́ àwọn tí ojú wọn kò tíì là. Bí iṣẹ́ wa bá jọ ènìyàn, kì í ṣe tiwa. Bí kò bá jọ ọ́, a kò mọ̀ ọ́n ṣe ni. Bẹ́ẹ̀, Ifẹ̀ ti ní irú méjèèjì pa pọ̀. Ní Abirí nítòsí Ilé-Ifẹ̀, níbi tí awalẹ̀pìtàn Bernard Fagg ti wa ilẹ̀ ní 1949, orí amọ̀ tó jọ ènìyàn dáadáa wà pẹ̀lú orí tó rí gbọọrọ bí òpó, tí ihò tàbí ìlà lásán dúró fún ojú àti ẹnu rẹ̀. Rowland Abiodun, onímọ̀ nípa iṣẹ́ ọnà Yorùbá, ti ṣàlàyé pé orí òde ni èyí tó jọ ènìyàn, orí inú ni èkejì. Ó sì tọ́ka sí ìbọrí, ohun tí a fi ń bọ orí inú, tí òun náà kò ní imú tàbí ètè. Oníṣọ̀nà kan náà lè ṣe méjèèjì. Iṣẹ́ tí orí náà fẹ́ ṣe ló ń pinnu èyí tí yóò ṣe. Kò sí àtẹ̀gùn kankan níbẹ̀ tí a fi gùn láti jíjọra dé àìjọra, bẹ́ẹ̀ ni kò sí èyí tí a fi sọ̀ kalẹ̀.

Ẹnì kan lágbo Malevich ti fura sí èyí. Voldemārs Matvejs, ará Latvia tó ń lo orúkọ Vladimir Markov, wà nínú ẹgbẹ́ ayàwòrán tí wọ́n ń pè ní Ìṣọ̀kan Àwọn Ọ̀dọ́, ẹgbẹ́ tí Malevich náà bá ṣe. Ó lọ káàkiri àwọn mùsíọ́ọ̀mù Yúróòpù, ó ya fọ́tò àwọn ère Áfíríkà, ó sì kọ ìwé lé wọn lórí gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ ọnà. Ó rí i pé agbẹ́gilére kò sin ara ènìyàn bí ẹrú, pé ó lè to apá, ikùn àti orí bí ó bá ṣe wù ú, kó sì fi owó ẹyọ dípò ojú. Ó kú ní 1914; ọdún 1919 ni ìwé náà tó jáde. Ó ṣe mí ní kàyéfì pé orúkọ rẹ̀ ṣọ̀wọ́n lẹ́nu àwa tí ọ̀rọ̀ náà kàn, tí ti Picasso sì wà lẹ́nu gbogbo ènìyàn.

Ohun tó wà lẹ́yìn ẹẹ́fà ju eéje lọ. Ní 2015, tí Onígun Mẹ́rin pé ọgọ́rùn-ún ọdún, àwọn onímọ̀ ní mùsíọ́ọ̀mù Tretyakov ní Moscow, níbi tó wà báyìí, fi ẹ̀rọ wo abẹ́ ọ̀dà dúdú náà. Wọ́n bá àwòrán méjì mìíràn níbẹ̀, aláwọ̀ mèremère. Dúdú tí gbogbo ayé kà sí ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀tun jẹ́ ìkẹta lórí kánfáàsì kan náà. Wọ́n tún ní àwọn rí ọ̀rọ̀ tí a fi ọwọ́ kọ sí etí rẹ̀ funfun, tí wọ́n kà sí “ìjà àwọn adúláwọ̀ nínú ihò tó ṣókùnkùn”, bó tilẹ̀ jẹ́ pé orúkọ ẹ̀gàn ni wọ́n pe àwọn adúláwọ̀ náà. Ẹ̀fẹ̀ àtijọ́ ni. Ní 1897, Alphonse Allais, apanilẹ́rìn-ín ará Faransé, tẹ àwòrán tó dúdú biribiri jáde, ó sì pè é ní ìjà àwọn adúláwọ̀ nínú yàrá abẹ́ ilẹ̀ lóru. Gbogbo ọgbọ́n inú ẹ̀fẹ̀ náà kò ju èyí lọ: ara dúdú, òru dúdú, kí la fẹ́ rí?

Àwọn kan gbà pé Malevich ló kọ ọ́. Àwọn mìíràn ní kì í ṣe ọwọ́ rẹ̀, pé ẹlẹ́gàn kan ló kọ ọ́ sí i lẹ́yìn náà. Ẹ jẹ́ ká wo méjèèjì. Bó bá jẹ́ Malevich ni, a jẹ́ pé ara ènìyàn ni àwòrán tó ní òun kò ya nǹkan kan ti bẹ̀rẹ̀, ara tiwa pàápàá, tí a fi ṣe yẹ̀yẹ́. Bó bá jẹ́ ẹlẹ́gàn ni, a jẹ́ pé ará Yúróòpù kan kò lè wo àwọ̀ dúdú lásán kó má rí wa nínú rẹ̀. Èyíkéyìí tó bá jẹ́, dúdú yẹn kò ṣófo. Àwọn alámèyítọ́ tó fi gbogbo ọgọ́rùn-ún ọdún yẹn sọ pé ó ṣófo ní àǹfààní láti gbójú fo ohun tí àwa kò lè gbójú fò. Síbẹ̀ n kò ní ju iṣẹ́ náà nù. Ẹ wò ó dáadáa: ẹ̀gbẹ́ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin rẹ̀ kò gún régé, ọ̀dà rẹ̀ ti sán, àwọ̀ ìsàlẹ̀ sì ń yọjú láti inú àwọn ìsán náà. Ọwọ́ ènìyàn hàn níbẹ̀ ju bí ẹni tó yà á ṣe fẹ́ kó hàn lọ.

Àwọn ìjọba náà mọ̀ pé kò ṣófo. Ní 1930 àwọn agbófinró Soviet ti Malevich mọ́lé fún nǹkan bí oṣù méjì. Kò pẹ́ sí i tí ìjọba Stalin fi sọ ọ́ di dandan kí àwòrán jọ ohun tó yà, kó sì yin àwọn òṣìṣẹ́. Ní 1937, ìjọba Hitler kó àwọn iṣẹ́ tó pè ní ìbàjẹ́ sí ìpàtẹ kan ní Munich kí aráyé lè fi wọ́n ṣẹ̀sín; ti Kandinsky wà níbẹ̀. Lẹ́yìn ogun kejì, Amẹ́ríkà yí ọ̀rọ̀ náà po: àwọn iṣẹ́ bíi ti Jackson Pollock, tó ń da ọ̀dà sórí kánfáàsì nílẹ̀ láti 1947, di ẹ̀rí òmìnira tí wọ́n ń gbé káàkiri ayé. Àwọn òpìtàn ṣì ń jiyàn lórí bí ọwọ́ CIA, iléeṣẹ́ ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ Amẹ́ríkà, ṣe wọ ọ̀rọ̀ náà tó. Èyí tí kò ní àríyànjiyàn ni pé CIA ló ń bọ́ àjọ Congress for Cultural Freedom, tí àṣírí rẹ̀ tú ní 1967, àti pé owó àjọ yìí wà lára èyí tí wọ́n fi dá Mbari, ẹgbẹ́ àwọn òǹkọ̀wé àti oníṣọ̀nà, sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1961.

Wọn ì bá fi ìyẹn pe gbogbo ohun tó ti Mbari jáde ní iṣẹ́ Amẹ́ríkà. Ibrahim El-Salahi ará Sudan, tó pàtẹ iṣẹ́ rẹ̀ níbẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960, kò jẹ́ kó ṣeé ṣe. Bàbá rẹ̀ ní ilé kéú ní Omdurman. Ó kọ́ṣẹ́ ní ilé ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ọnà Slade ní London, ó padà sílé, ó pàtẹ àwọn àwòrán tó jọ ènìyàn àti ilé bí wọ́n ṣe kọ́ ọ. Lẹ́yìn ọjọ́ ìṣíde, àwọn ènìyàn kò wá mọ́. Ó wá lọ wo ohun tí àwọn ará Sudan fi ń ṣe ilé wọn lọ́ṣọ̀ọ́, ó bá lẹ́tà Lárúbáwá níbẹ̀; ó mú lẹ́tà náà, ó tú u palẹ̀, títí ojú ènìyàn àti ẹranko fi ń yọ láti inú rẹ̀. Lọ́dọ̀ tirẹ̀, jíjọra ni àjèjì, ìlà aláìjọ-nǹkan ni ọmọ onílé. Ìbàdàn sì kún fún àwọn tó ti jókòó ti wàláà rí. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ tó bá dúró níwájú iṣẹ́ El-Salahi kò ní lè ka ọ̀rọ̀ kan níbẹ̀, ṣùgbọ́n kò ní béèrè ohun tó jọ, nítorí irú ìlà tí àáfà rẹ̀ ń fi kálàmù àti tàdáwà fà ló ń wò.