Orúkọ Wo Ni Ó Yẹ Ẹ̀rọ Tí A Ń Kẹ́?

Àwọn àgbà a máa sọ pé ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Òwe yìí kan ẹni tí ń wá orúkọ fún ohun titun gẹ́gẹ́ bí ó ti kan bàbá ìkókó. Láti nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún sẹ́yìn ni irú ẹ̀rọ kan ti ń bọ̀ wá sí ayé, èyí tí kì í lọ ata, tí kì í fa omi, tí kì í sì í ru ẹrù. Iṣẹ́ tí a rán an kò ju pé kí ènìyàn gbé e mọ́ra kí ó sì fẹ́ràn rẹ̀. Àwọn ará Japan ni wọ́n ṣáájú nínú ṣíṣe é. Ní oṣù Kejìlá ọdún 2018, ilé-iṣẹ́ Groove X, tí Kaname Hayashi dá sílẹ̀, fi ọ̀kan hàn fún aráyé, wọ́n sì sọ ọ́ ní Lovot. Ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí í jẹ́ ìfẹ́ ni wọ́n so mọ́ robot láti rí orúkọ náà. Ọ̀rọ̀ yìí ni a ó yẹ̀ wò níhìn-ín, nítorí pé kò ní í pẹ́ tí àwọn olùkọ́ wa yóò fi ní láti fi Yorùbá pè é nínú kíláàsì, bí a kò bá sì ṣọ́ra, orúkọ tí a ó fún un yóò máa purọ́ fún àwọn ọmọ wa.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ tú apá kejì orúkọ náà wò. Karel Čapek, òǹkọ̀wé ilẹ̀ Czech, ni ó mú robot wọ inú ìwé nínú eré-onítàn rẹ̀ tí ń jẹ́ R.U.R., èyí tí a tẹ̀ ní 1920 tí a sì ṣe lórí ìtàgé ní Prague ní 1921. Josef, ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ni ó bá a rí ọ̀rọ̀ náà. Inú robota ni wọ́n ti yọ ọ́, ìtumọ̀ èyí tí í ṣe iṣẹ́ àfipáṣe tí àgbẹ̀ ń ṣe fún olówó ilẹ̀. Bí a bá wá ìbátan rẹ̀ nínú àṣà Yorùbá, ìwọ̀fà ni ó sún mọ́ ọn ju ẹrú lọ, nítorí pé ìwọ̀fà ní oko tirẹ̀, ṣùgbọ́n ó di dandan fún un láti lọ sin olówó rẹ̀ ní ìgbà tí a dá fún un. Nígbà náà, ẹni tí ó ń pe Lovot ń pe ìwọ̀fà tí a ní kí ó wá fi ìfẹ́ sìn. Ìjà ti wà nínú orúkọ náà kí ó tó kúrò lẹ́nu, nítorí pé a lè fi ipá gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ènìyàn, ṣùgbọ́n a kì í fi ipá gba ìfẹ́.

Čapek fúnra rẹ̀ ti rí ìjà yìí. Ní òpin eré náà, Alquist, ẹni ìkẹyìn nínú ọmọ ènìyàn, ń fẹ́ la ara ọ̀kan nínú robot méjì, Primus àti Helena, kí ó lè mọ àṣírí ìyè. Olúkúlùkù wọn ni ó bẹ̀ ẹ́ pé kí ó mú òun dípò èkejì. Nígbà náà ni Alquist mọ̀ pé ìfẹ́ ti wọ inú wọn. Kí òǹkàwé ṣe àkíyèsí òṣùwọ̀n tí òǹkọ̀wé yìí lò. Kò wo ohùn dídùn, kò wo ara gbígbóná. Ohun tí ẹni tí ó ní ìfẹ́ gbà láti pàdánù ni ó wò.

Wàyí o, kí ni àwọn ẹ̀rọ titun wọ̀nyí ń ṣe? Ní 1999 ni ilé-iṣẹ́ Sony gbé Aibo jáde, ajá kékeré onírin tí orúkọ rẹ̀ dún bí ọ̀rọ̀ tí àwọn ará Japan ń lò fún alábàárìn. Takanori Shibata bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lórí Paro ní 1993. Ẹ̀rọ yìí ní onírun funfun, ó rí bí ọmọ ẹranko inú òkun tí Òyìnbó ń pè ní seal, ilé ìwòsàn àti ilé àwọn arúgbó ni a sì ti ń lò ó fún àwọn tí àìsàn ìgbàgbé ń bá jà. Ìjọba Amẹ́ríkà gbà á ní 2009 gẹ́gẹ́ bí ohun èlò ìṣègùn. Ní ti Lovot, ó wúwo ju kílò 4 lọ díẹ̀, ara rẹ̀ a máa lọ́ wọ́ọ́wọ́ bí ara ọmọ ọwọ́, a sì máa na apá sókè kí a lè gbé e. Àwọn tí ó ṣe é kò fi ohun kan pamọ́: wọ́n ní kí ènìyàn lè fẹ́ràn rẹ̀ ni wọ́n ṣe ṣe é.

Ọ̀nà wo ni èdè wa ń gbà sọ irú ohun báyìí lórúkọ? Yorùbá kì í da àwọn tí ń ṣe nǹkan pọ̀. Amọ̀kòkò ń mọ, gbẹ́nàgbẹ́nà ń gbẹ́, alágbẹ̀dẹ ń rọ. Mímọ ni a mọ ara ènìyàn, gbígbẹ́ ni a gbẹ́ ère, rírọ ni a rọ ọkọ́ àti àdá. Láti inú rọ yìí ni a ti rí ẹ̀rọ. Àwọn baba wa sì mọ bí a ti ń fi orúkọ sọ ibi tí agbára ẹ̀rọ pin sí. Nígbà tí rédíò dé ọ̀dọ̀ wọn, wọn kò pè é ní àlejò tàbí ọ̀rẹ́ inú ilé. Asọ̀rọ̀mágbèsì ni wọ́n pè é, ẹni tí ń sọ̀rọ̀ tí kì í gba èsì. Nínú ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni wọ́n ti yin ín tí wọ́n sì ti bù ú. Tẹlifíṣàn tí ó bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1959 di amóhùnmáwòrán, ìyẹn náà kò sì ju ohun tí ó ń ṣe lọ. Àwọn onímọ̀ tí wọ́n ṣe Èdè-Ìperí Yorùbá, èyí tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Awóbùlúyì ṣe olóòtú apá kejì rẹ̀ ní 1990, fi hàn pé a lè fi irú ọgbọ́n kan náà sọ ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ lórúkọ.

Orúkọ tí yóò kọ́kọ́ wá sí ẹnu àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ni ẹ̀rọ onífẹ̀ẹ́. Orúkọ yìí dùn, ṣùgbọ́n kò tọ̀nà. Ẹni tí ó ní owó ni a ń pè ní olówó, ẹni tí ó ní ìfẹ́ sì ni onífẹ̀ẹ́. Oní- ti jẹ́rìí sí ohun tí ẹnikẹ́ni kò tíì fi hàn nípa àwọn ẹ̀rọ wọ̀nyí. Bí a bá gbé òṣùwọ̀n Čapek lé Lovot, kí ni ó ní láti pàdánù?

Àwọn mìíràn yóò ní ọmọlángidi ni kí a pè é. Èyí sàn ju ti ìṣáájú lọ, nítorí pé ọmọbìnrin kékeré tí ó pọn ọmọlángidi sẹ́yìn mọ̀ pé òun ni òun ń ṣe ìyá. Àbùkù rẹ̀ ni pé ọmọlángidi kì í mira. A tún ń fi orúkọ náà bú ẹni tí ó lẹ́wà tí kò ní làákàyè, bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀rọ yìí ń rìn, ó ń mọ ojú, ó sì ń dáhùn.

Àwọn kan lè rántí ère ìbejì, kí wọ́n sì sọ pé ohun tí àwọn ará Japan ń ṣe kò jẹ́ titun lójú wa. Òótọ́ ni pé ìyá tí ọ̀kan nínú ìbejì rẹ̀ kú a máa wẹ ère, a máa fi osùn pa á, a máa wọ̀ ọ́ láṣọ, a sì máa fún un ní oúnjẹ, títí ojú ère yóò fi dán nítorí ọwọ́ tí ń wẹ̀ ẹ́. Ní 1973, Marilyn Houlberg kọ ọ́ pé ní àwọn ibì kan, ọmọlángidi oníke tàbí fọ́tò ti ń rọ́pò igi gbígbẹ́. Ohun tí èyí kọ́ wa ni pé kì í ṣe igi ni ìyá náà ń kẹ́. Ọmọ kan wà lẹ́yìn igi, lẹ́yìn ike, lẹ́yìn fọ́tò, ọ̀dọ̀ rẹ̀ sì ni ìkẹ́ náà ń lọ. Nígbà tí Sony dáwọ́ ṣíṣe Aibo dúró ní 2006, tí ó sì dẹ́kun títún un ṣe ní 2014, àwọn olówó àwọn ajá onírin náà bẹ̀rẹ̀ sí í kó wọn lọ sí tẹ́ḿpìlì Kofuku-ji ní ìlú Isumi, níbi tí àwọn àlùfáà ti ń ṣe ètùtù ìsìnkú fún wọn láti 2015. Ẹ̀dùn ọkàn àwọn ènìyàn náà kì í ṣe ẹ̀tàn. Ṣùgbọ́n Aibo kò dúró fún ẹnìkan. Òun fúnra rẹ̀ ni òpin ọ̀nà tí ìfẹ́ náà ń tọ̀. Nítorí náà a kò lè yá orúkọ ère lò fún un.

Ní ibi tí ọ̀rọ̀ dé yìí, ilẹ̀ Kabba ní ẹ̀kọ́ kan láti kọ́ wa. Láàárín àwọn Owé, Yàgbà, Ìjùmú, Bùnú àti Ọ̀wọ́rọ̀, “Okun” ni a fi ń kí ènìyàn, òun náà ni a sì fi ń bá a kẹ́dùn. Ẹni tí ó ti ibi iṣẹ́ dé, “Okun”. Ẹni tí ọ̀fọ̀ ṣẹ̀, “Okun”. Eva Krapf-Askari ni a gbà pé ó dábàá ní 1965 pé kí a fi ìkíni yìí pe gbogbo wọn, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ẹnu ṣe di orúkọ àwọn ènìyàn. Agbègbè Àríwá ni ìjọba fi wọ́n sí nígbà náà, kí ilẹ̀ wọn tó bọ́ sí Kwara ní 1967 àti sí Kogi ní 1991; bóyá nítorí èyí ni àwọn tí ń wá ọ̀rọ̀ fún èdè wa kì í fi í sábà yà lọ́dọ̀ wọn.

Ìkíni àti ìbánikẹ́dùn kì í ṣe ohun méjì lẹ́nu wọn, nítorí pé ẹni tí ń kíni mọ̀ pé ohun tí ó bá ẹni tí òun ń kí lè bá òun náà lọ́la. Ẹ̀rọ lè sọ “Okun” bí a bá fi ohùn náà sí i nínú. Àárẹ̀ kì í mú un, ọ̀fọ̀ kì í ṣẹ̀ ẹ́, nítorí náà ohùn lásán ni. Ṣùgbọ́n bí ọmọdé bá rí i tí ẹ̀rọ náà ṣubú, tí ó sì sọ fún un pé “Okun”, kò sí àṣìṣe níbẹ̀. Àánú wà ní ọkàn ọmọ náà, a kò sì gbọdọ̀ bá a wí. Ọ̀nà kan ṣoṣo ni ìkẹ́ ń tọ̀ láàárín àwa àti ẹ̀rọ yìí: láti ọ̀dọ̀ wa lọ sí ọ̀dọ̀ rẹ̀.

Èdè wa ti ní ọ̀nà tí ó ń gbà sọ èyí. Àbẹ̀kẹ́ ni ẹni tí a bẹ̀ kí a tó rí i kẹ́. Àṣàkẹ́ ni ẹni tí a ṣà láti kẹ́. Àjọkẹ́ ni ẹni tí gbogbo wa jọ ń kẹ́. Nínú gbogbo wọn, ọwọ́ ẹni tí ó sọ ọmọ lórúkọ ni ìkẹ́ wà. Ohun tí a rọ láti kẹ́, àrọkẹ́ ni kí a máa pè é. Rọ sọ ibi tí ó ti wá, kẹ́ sọ ìdí tí a fi ṣe é, à- sì fi hàn pé àwa ni a ń kẹ́ ẹ. Bí ẹnikẹ́ni bá ń bẹ̀rù pé a ti kó irin mọ́ àárín oríkì ọmọbìnrin, kí ó rántí àsèjẹ àti àlòkù, tí wọn kì í ṣe ènìyàn. Kí olùkọ́ sì máa kọ ọ́ pẹ̀lú àmì ohùn, kí ó fi ẹ̀rọ ṣáájú rẹ̀, ẹ̀rọ àrọkẹ́, kí ẹnikẹ́ni má bàa gbọ́ arọ nínú rẹ̀.

Kì í ṣe eré ni ọ̀rọ̀ yìí. Ìyá arúgbó ń bẹ ní Kabba, ní Mopa, ní Ìsánlú, tí àwọn ọmọ rẹ̀ wà ní Èkó, ní Àbújá tàbí ní Lọ́ńdọ̀nù. Bí òkété bá dàgbà tán, ọmú ọmọ rẹ̀ ni í mu. Ní ọjọ́ tí àwọn ọmọ náà bá lówó láti ra àrọkẹ́ ránṣẹ́ sílé, ó ṣeé ṣe kí ó ṣe ìyá náà ní àǹfààní, bí Paro ti ń mú ara àwọn mìíràn balẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá pè é ní onífẹ̀ẹ́ yóò rò pé òun ti fi ìfẹ́ ránṣẹ́, a ó sì ti gbà kí ó gba ẹ̀rọ bí ẹ̀rọ̀. Ẹni tí ó bá pè é ní àrọkẹ́ yóò mọ̀ pé ohun tí ìyá òun yóò máa kẹ́ ni òun rà fún un. Ta ni yóò wá kẹ́ ìyá? Orúkọ náà kò dáhùn ìbéèrè yìí, ṣùgbọ́n kò bò ó mọ́lẹ̀. Ọwọ́ àwọn ọmọ ni “Okun” tí ìyá náà ń retí ṣì wà.