Ọkọ̀ tí Ẹrù Kún Jù: Gerald Durrell àti Ẹranko Igbó Wa

Gbogbo wa la mọ ìtàn Nóà láti ìgbà tí a ti wà ní kíláàsì ọmọdé. Ó kan ọkọ̀, ó kó ẹranko wọ inú rẹ̀, òjò sì rọ̀. Ohun tí a kì í sábà rò ni pé ọkọ̀ náà kì í ṣe ilé. Bí omi ṣe fà tán, ilẹ̀kùn ṣí, gbogbo ẹ̀dá tó wà nínú rẹ̀ sì jáde padà sórí ilẹ̀. Ilẹ̀kùn tó ṣí yẹn ni mo fẹ́ fi ṣe òṣùwọ̀n fún ìwé òyìnbó kan tó fi orúkọ ọkọ̀ náà pe ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́. Gerald Durrell lorúkọ rẹ̀, The Overloaded Ark sì ni ìwé náà, ó jáde ní 1953. Bí a bá túmọ̀ rẹ̀, ọkọ̀ Nóà tí ẹrù kún jù ni.

Ẹ lè bi mí pé, kí ló kàn wá ní Kaduna níbí? Ó kàn wá, torí igbó tó wà nínú ìwé náà kò jìnnà sí wa. Ìlú Íńdíà ni wọ́n bí Durrell sí ní 1925. Láti kékeré ni kòkòrò, ejò àti ẹyẹ ti jẹ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀, pàápàá láàárín 1935 sí 1939 tí ìdílé rẹ̀ gbé ní erékùṣù Corfu ní ilẹ̀ Gíríìsì. Kò fi bẹ́ẹ̀ lọ sí ilé ìwé. Nígbà tó pé ọmọ ọdún 21, ogún kan kàn án, owó yẹn ló sì fi wọkọ̀ ojú omi wá sí Mamfe ní ìparí ọdún 1947, òun àti John Yealland, láti wá kó ẹranko lọ fún àwọn ọgbà ẹranko ní Ìlú Ọba. Nígbà yẹn, abẹ́ ìṣàkóso kan náà pẹ̀lú Nàìjíríà ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì fi apá Kamẹrúùnù yẹn sí. Ọdún 1961 ni a tó pínyà. Odò tó ń ṣàn gba Mamfe kọjá náà ló ń ṣàn dé Calabar. Igbó kan ṣoṣo ni, ààlà ló gba àárín rẹ̀ kọjá.

Durrell padà wá ní 1949, ó sì tún wá ní 1957. Nígbà tí owó tán lọ́wọ́ rẹ̀, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Lawrence, tó jẹ́ òǹkọ̀wé ńlá, ló rọ̀ ọ́ pé kó kọ ohun tójú rẹ̀ rí. Ó kọ ọ́, ó sì kọ ọ́ dáadáa.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ yìn ín níbi tí ìyìn tọ́ sí i. Ọkùnrin yìí lójú. Ọ̀pọ̀ òyìnbó tó ti wá ṣáájú rẹ̀, ìbọn ni wọ́n gbé wá, orí ẹranko tí wọ́n fẹ́ gbé kọ́ ara ògiri ni wọ́n ń wá. Ẹranko kéékèèké tí ẹnikẹ́ni kò kà sí ni Durrell ń wá ní tirẹ̀. Ó wá angwantibo títí, ìyẹn ẹranko kan tó rí bí ọmọ ológbò, tó ń rìn pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ lórí igi lóru, tó sì ń gbé nínú igbó tó wà láàárín wa àti Kamẹrúùnù. Ó kọ nípa ọ̀pọ̀lọ́ tó ń hu ohun tó dà bí irun sí ẹ̀gbẹ́ àti itan. Tí ẹ bá ń kà á, ẹ ó rẹ́rìn-ín, torí ara rẹ̀ gan-an ló sábà máa ń fi ṣe yẹ̀yẹ́. Ṣùgbọ́n lẹ́yìn ẹ̀rín náà, ìyanu ń bẹ níbẹ̀. Ẹni tó dá ọ̀pọ̀lọ́ onírun mọ ohun tó ń ṣe.

Níbi tí ìwé náà ti kù díẹ̀ káàtó ni ọ̀rọ̀ ènìyàn. Durrell rí ẹranko ju bó ṣe rí ènìyàn lọ. Àwọn ọdẹ tó mú un wọ igbó, Elias àti Andraia, àwọn ló mọ ihò tí ẹranko ń sùn sí, àwọn ló mọ igi tó ń so èso lásìkò wo. Láìsí wọn, kò ní rí ohunkóhun kó. Síbẹ̀ nínú ìwé, bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ ni a sábà fi ń pa òǹkàwé lẹ́rìn-ín, a kò fi bẹ́ẹ̀ gbọ́ ohun tí wọ́n rò. Àwọn àgbà ní bí ọdẹ bá ro ìṣẹ́ tó ro ìyà, bó bá pa ẹran kò ní fún ẹnì kankan jẹ. Elias àti Andraia fúnni jẹ, orúkọ ẹlòmíràn ló wà lára ìwé.

Ẹ wo àpẹẹrẹ kan. Nínú pídgìn tí wọ́n ń sọ níbẹ̀, "beef" ni wọ́n ń pe gbogbo ẹranko, ìbáà jẹ́ eku, ìbáà jẹ́ ìnàkí. Ọ̀rọ̀ yìí máa ń pa òǹkàwé òyìnbó lẹ́rìn-ín. Ọmọ Yorùbá kò lè rẹ́rìn-ín níbẹ̀, torí bẹ́ẹ̀ náà ni tiwa. Ẹran ló wà nínú ìkòkò, ẹran náà ló ń sáré nínú igbó. Ọ̀rọ̀ wa ti fi hàn pé láti ojú ìkòkò la ti ń wo ìdajì ẹ̀dá Ọlọ́run. Durrell ì bá dúró díẹ̀ níbi ọ̀rọ̀ yẹn kó ronú sí i. Kò dúró.

Ó gbìyànjú sí i nínú The Bafut Beagles tó jáde ní 1954. Níbẹ̀ la ti pàdé ọba Bafut, Achirimbi Kejì, tí wọ́n ń pè ní Fon. Ó hàn pé Durrell fẹ́ràn ọba yìí tọkàntọkàn, ọba náà sì tún gbà á lálejò ní 1957. Ṣùgbọ́n ọtí àti ijó ni a fi ń rí kábíyèsí jù. Ọba tó ń ṣàkóso ìlú, tó ń dájọ́, a kò fi bẹ́ẹ̀ rí i. Ìfẹ́ wà níbẹ̀ o, ìfẹ́ ojú alejò ni.

Wàyí o, ọ̀rọ̀ ilẹ̀kùn tí mo fi bẹ̀rẹ̀. Nínú ìwé àkọ́kọ́ yìí, ẹranko ń wọ ọkọ̀, kò sí èyí tó ń jáde padà sí igbó. Àwọn kan kú, àwọn tó kù lọ sínú àgò ní ìlú òtútù. Bí ìgbésí ayé Durrell bá parí síbẹ̀, òṣùwọ̀n Nóà kò ní gbè é rárá. Ohun tó jẹ́ kí n bọ̀wọ̀ fún un ni pé kò parí síbẹ̀. Ó rí i pé ọgbà tí wọ́n kàn ń kó ẹranko sí fún ìran wíwò kò tọ́. Ní 1959 ó dá tirẹ̀ sílẹ̀ ní erékùṣù Jersey, ó sì dá àjọ kan sílẹ̀ fún un ní 1963. Iṣẹ́ ọgbà náà ni kí àwọn ẹranko tó fẹ́ run lè bímọ níbẹ̀, kí ọmọ wọn lè padà sílé. Dodo ló fi ṣe àmì rẹ̀, ẹyẹ Mauritius tí ènìyàn ti pa run ní nǹkan bí 300 ọdún ṣáájú. Láti Mauritius kan náà ni wọ́n ti kó ẹyẹlé aláwọ̀ píńkì tó ku díẹ̀ kó run wá sí Jersey, wọ́n bímọ, a sì dá nínú irú wọn padà sínú igbó. Ilẹ̀kùn ṣí nìyẹn. Durrell kú ní 1995, iṣẹ́ náà kò kú.

Ní ilẹ̀ wa náà, àwọn kan ti ṣe bẹ́ẹ̀. Olóyè S. L. Ẹdu dá Nigerian Conservation Foundation sílẹ̀ ní 1980. Ní 1991, Liza Gadsby àti Peter Jenkins bẹ̀rẹ̀ Drill Ranch ní Calabar fún irú ọ̀bọ ńlá kan tó jẹ́ pé igbó Cross River, apá kan Kamẹrúùnù àti erékùṣù Bioko nìkan ló kù sí. Ìnàkí Cross River, wọn kò tó 300 mọ́ ní gbogbo ayé. Ẹ̀yin ará, iye àwa tí a ń wá sí ìsìn ọdún ìkórè lè ju ìyẹn lọ.

Mo mọ ohun tí ẹlòmíràn ń sọ nínú ọkàn. Ní Kaduna yìí, bí a bá dárúkọ igbó, ta ló ń rántí ẹyẹ? Ajínigbé là ń rántí. Ọ̀nà Birnin Gwari ń bà wá lẹ́rù, bẹ́ẹ̀ ẹ̀bá ibẹ̀ ni Kamuku National Park wà, tí ìjọba àpapọ̀ yà sọ́tọ̀ fún ẹranko. Ẹ̀rù yẹn tọ́, n kò ní sọ fún ẹnikẹ́ni pé kó lọ síbẹ̀. Fágúnwà pàápàá fi igbó hàn wá ní 1938 bí ilé iwin. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká ro èyí: igbó tí ọmọlúàbí kò mọ orúkọ ohunkóhun níbẹ̀ mọ́, ẹni ibi ni yóò fi ṣe ilé. Ẹ̀rù nìkan kò lè gba igbó padà. Ìmọ̀ àti ìfẹ́ ló lè jẹ́ kí ènìyàn ka ohun kan sí tirẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí yóò fi béèrè lọ́wọ́ ìjọba pé kí wọ́n dáàbò bò ó. Èyí gan-an ni ìwé Durrell lè ṣe fún wa, pẹ̀lú gbogbo àléébù rẹ̀. Ó ń jẹ́ ká rí igbó láìsí ẹ̀rù.

Àwọn ọmọ wa ń kọrin agbe, àlùkò àti lékeléke. Lékeléke nìkan ni wọ́n mọ̀, torí ó ń tẹ̀lé màlúù àwọn Fúlàní kiri. Orúkọ odò Kaduna fúnra rẹ̀, wọ́n ní láti ara ọ̀nì ló ti wá, "kada" ni Hausa ń pè é. Mélòó nínú àwọn ọmọ tí a bí sí Kakuri tàbí Barnawa ló mọ̀ bẹ́ẹ̀?

Ẹ ka Durrell, ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá rí i. Ẹ rẹ́rìn-ín, kẹ́ ẹ sì bá a jà níbi tó yẹ. Lẹ́yìn náà, ẹ̀yin bàbá àti ìyá tẹ́ ẹ dàgbà sí abúlé kẹ́ ẹ tó wá sí òkè Ọya, tẹ́ ẹ mọ ẹtu yàtọ̀ sí ìgalà, tẹ́ ẹ mọ ohùn ẹyẹ tó ń ké lójú ọ̀sán, ẹ pe ọmọ kan tó mọ̀wé kọ, kẹ́ ẹ sọ ọ́ fún un, kó kọ ọ́ sínú ìwé. Kó kọ orúkọ yín náà sí i. Kò sẹ́ni tó ṣe bẹ́ẹ̀ fún Elias àti Andraia.